Kí Ẹ Tó Fọwọ́ Sí Ìwé Owó Ilé

Ọ̀rọ̀ ilé ni mo fẹ́ bá yín sọ. Láti Ọ̀wọ̀ dé Ùsọ̀, láti Ìfọ̀n dé Ìdóàní, ẹni tó bá ti ń gba owó oṣù tàbí tó ń kórè kòkó ló ń ronú ilẹ̀ tí yóò rà àti búlọ́ọ̀kù tí yóò gé. Ọ̀pọ̀ nínú wa ló sì ti ń gbọ́ nípa owó tí báńkì ń yáni láti fi kọ́lé tàbí láti fi ra ilé, tí a ó máa san án díẹ̀díẹ̀ fún ọdún púpọ̀, tí ilé náà fúnra rẹ̀ yóò sì dúró fún gbèsè títí a ó fi san án tán. Òun ni wọ́n ń pè ní mọ́gééjì.

N kò wá sọ pé kí ẹnikẹ́ni má yáwó. Ohun tí mo wá sọ ni pé ìbéèrè tí a máa ń bi báńkì kò tó. A máa ń bèèrè pé, "Èló ni n ó máa san lóṣù?" Bí a bá ti gbọ́ iye tí apá wa ká, inú wa á dùn, a ó sì fọwọ́ síwèé. Ìbéèrè tó yẹ kó ṣáájú nìyí: "Lọ́jọ́ tí mo bá san èyí tó kẹ́yìn, èló ni n ó ti san lápapọ̀?" Ẹni tí kò bá bèèrè èyí kò tíì mọ iye tí ó ra ilé rẹ̀.

OJÚ OWÓ ÀTI ÈLÉ

Àwọn baba wa mọ ohun tí èlé ń ṣe. Láyé ìjọ́un, ẹni tó bá yáwó lè fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà lọ́dọ̀ olówó. Ìwọ̀fà á máa lọ sóko olówó, á máa kọ ebè, ṣùgbọ́n iṣẹ́ tó ń ṣe kò dín nǹkan kan kù nínú gbèsè. Èlé ni iṣẹ́ náà. Ojú owó wà níbẹ̀ digbí títí ẹbí yóò fi rí i kó jọ. Bí wọn kò bá rí i san, ìwọ̀fà lè dàgbà sẹ́nu iṣẹ́ náà.

Owó ilé ti òde òní yàtọ̀ díẹ̀. Nínú ohun tí a ń san lóṣooṣù, apá kan ń lọ fún èlé, apá kan ń lọ fún ojú owó. Ṣùgbọ́n èlé ni báńkì máa ń kọ́kọ́ yọ. Ohun tó bá ṣẹ́kù ló ń dín ojú owó kù. Nígbà tí gbèsè ṣì tóbi, èlé ló ń jẹ èyí tó pọ̀ jù.

Ẹ MÚ BÍRÒ ÀTI ÌWÉ

Ẹ jẹ́ ká fi ₦5,000,000 ṣe àpẹẹrẹ. Mo ṣírò rẹ̀ bí báńkì ṣe ń ṣírò rẹ̀, tí a ń san iye kan náà lóṣooṣù, tí èlé kò sì yí padà.

Èkíní: èlé 6 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún, fún ọdún 15. Ẹ ó máa san ₦42,193 lóṣù. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ bíi ₦7,595,000.

Èkejì: èlé 6 nínú ọgọ́rùn-ún, fún ọdún 30. Ẹ ó máa san ₦29,978 lóṣù. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ bíi ₦10,792,000.

Ẹ̀kẹta: èlé 30 nínú ọgọ́rùn-ún, fún ọdún 10. Ẹ ó máa san ₦131,809 lóṣù. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ bíi ₦15,817,000.

Ẹ̀kẹrin: èlé 30 nínú ọgọ́rùn-ún, fún ọdún 20. Ẹ ó máa san ₦125,334 lóṣù. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ bíi ₦30,080,000.

Ẹ wo ẹ̀kẹta àti ẹ̀kẹrin dáadáa. Tí ẹ bá sọ ọdún 10 di ọdún 20, ₦6,475 péré ló dín kù lóṣù. Nítorí ìrọ̀rùn kékeré yẹn, ẹ ó san ohun tó lé ní ₦14,000,000 kún un. Ní oṣù àkọ́kọ́, nínú ₦125,334 tí ẹ san, ₦125,000 jẹ́ èlé. ₦334 péré ló kan ojú owó. Lẹ́yìn ọdún kan gbáko, ẹ ti san ohun tó lé ní mílíọ̀nù kan àbọ̀ náírà, ṣùgbọ́n gbèsè kò tíì fi ₦5,000 dín kù. Ṣé ẹ rí i pé ìwọ̀fà kò tíì kúrò láàárín wa?

Kí ẹnikẹ́ni má sì rò pé mo mú èlé 30 wá láti fi dẹ́rù bà wá. Ní Oṣù Kọkànlá ọdún 2024, Báńkì Àpapọ̀ Nàìjíríà gbé òṣùwọ̀n èlé tirẹ̀ dé 27.5 nínú ọgọ́rùn-ún. Ní Oṣù Kẹsàn-án ọdún 2025, ó dín in kù sí 27. Báńkì tó ń yá ará ìlú lówó yóò sì gbé èrè tirẹ̀ lé ìyẹn lórí.

OHUN TÓ LÈ YÍ PADÀ LÁÀÁRÍN ỌDÚN

Yorùbá ní ogún ọdún ń bọ̀ wá kù ọ̀la. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ohun púpọ̀ lè ṣẹlẹ̀ kí ọ̀la náà tó dé.

Ìkíní, èlé lè gòkè. Ẹ bèèrè lọ́wọ́ àwọn ọmọ wa tó wà ní Lọ́ńdọ̀nù. Títí di Oṣù Kejìlá ọdún 2021, òṣùwọ̀n èlé Bank of England kò ju 0.1 nínú ọgọ́rùn-ún lọ. Nígbà tó fi máa di Oṣù Kẹjọ ọdún 2023, ó ti di 5.25. Àwọn tí èlé wọn so mọ́ ti báńkì náà, àti àwọn tí àdéhùn èlé wọn parí láàárín àkókò yẹn, rí i pé owó tí wọ́n ń san lóṣù fò sókè, bẹ́ẹ̀ ilé kan náà ni wọ́n ṣì ń gbé. Ní Amẹ́ríkà, láti ọdún 2007 sí 2008, ọ̀pọ̀ ìdílé pàdánù ilé wọn nítorí pé wọ́n fi èlé kékeré fà wọ́n mọ́ra níbẹ̀rẹ̀, lẹ́yìn náà ni èlé náà wá ga. Bí ìwé yín bá sọ pé báńkì lè yí èlé padà, ẹ mọ̀ pé iye tí wọ́n kọ síwájú yín lónìí kì í ṣe iye ilé náà.

Ìkejì, owó oṣù lè dúró. Kò sí òṣìṣẹ́ ìjọba ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó tí yóò gbàgbé pé nígbà tí ìjọba tuntun gorí àlééfà ní Oṣù Kejì ọdún 2017, owó oṣù méje ló wà nílẹ̀ tí wọn kò tíì san fún òṣìṣẹ́. Ìjọba lè jẹ wá lówó oṣù láìfi èlé sí i. Báńkì kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Lóṣù tí a kò bá san, èlé ń gun orí èlé. Díẹ̀ díẹ̀ nimú ẹlẹ́dẹ̀ fi ń wọgbà.

Ìkẹta, àwọn owó mìíràn wà tí kò sí nínú èlé: owó lọ́yà, owó ẹni tó wọn ilẹ̀, owó ẹni tó díye lé ilé, owó ìbánigbófò, àti owó ìwé lọ́dọ̀ ìjọba. Òfin Ilẹ̀ ti ọdún 1978 sọ pé Gómìnà gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i kí ènìyàn tó fi irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ dúró fún gbèsè. Ní ọdún 1989, nínú ẹjọ́ Savannah Bank àti Ajilo, Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jùlọ dájọ́ pé àdéhùn tí wọ́n ṣe láìsí ìfọwọ́sí yẹn kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Nítorí náà báńkì kò ní fi ìwé yìí ṣeré, àwa tó ń yáwó ni a ó sì sanwó rẹ̀.

KÌ Í ṢE GBOGBO GBÈSÈ NI ỌFÀ

Ẹnìkan lè sọ pé, "Pásítọ̀, bí a kò bá yáwó ńkọ́? Ṣé sìmẹ́ǹtì yóò dúró dè wá?" Ọ̀rọ̀ gidi ni. Ní Oṣù Kejì ọdún 2024, àpò sìmẹ́ǹtì kan kọjá ₦10,000 ní ọ̀pọ̀ ọjà. Ẹni tó ń kọ́lé díẹ̀díẹ̀ náà ń san èlé tirẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò sí báńkì tó ń gbà á. Ó ń san owó ilé tó háyà, òjò ń na búlọ́ọ̀kù rẹ̀, ọjà sì ń wọ́n sí i.

Nítorí èyí, owó tí èlé rẹ̀ kéré tí kò sì ń yí padà lè jẹ́ ìrànlọ́wọ́ ńlá. Bí ọjà bá ń gbówó lórí lọ́dọọdún, ₦29,978 tí ẹ ń san lónìí yóò fúyẹ́ lọ́wọ́ yín ní ọdún mẹ́wàá sí i, bí owó oṣù bá ń gòkè. Irú owó bẹ́ẹ̀ wà. Òfin ọdún 1992 ló dá Àpò Owó Ilé ti Orílẹ̀-èdè sílẹ̀, èyí tí a mọ̀ sí NHF, lábẹ́ Federal Mortgage Bank. Wọ́n ń yọ 2.5 nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù ẹni tó wà nínú rẹ̀, ẹni náà sì lè yáwó ilé ní èlé 6 nínú ọgọ́rùn-ún, títí dé ọdún 30. Ní ọdún 2025, ìjọba àpapọ̀ tún gbé ètò MREIF jáde, tí èlé tirẹ̀ jẹ́ 9.75.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti dùn mí nìyí. Ta ni owó 6 yìí ń dé ọwọ́ rẹ̀? Owó oṣù tó kéré jù lọ ní Nàìjíríà láti ọdún 2024 jẹ́ ₦70,000. Ẹni tó ń gbà á yóò dá ₦1,750 lóṣù sí NHF. Ṣùgbọ́n bó bá fẹ́ yá ₦5,000,000 fún ọdún 30, ohun tí yóò máa san ju ìdá kan nínú mẹ́ta owó oṣù rẹ̀ lọ. Lẹ́yìn èyí, wọn yóò béèrè ìwé ilẹ̀. Ọ̀pọ̀ ènìyàn wa ní Ọ̀wọ̀ àti Ọ̀sẹ̀ ló jẹ́ pé ilẹ̀ ẹbí ni tiwọn, rìsíìtì àti ìwé àdéhùn ni wọ́n ní, wọn kò ní ìwé àṣẹ Gómìnà. Bẹ́ẹ̀ ni olówó kékeré ń dá owó sí àpò, tí ẹni tó ti ní ìwé àti owó oṣù ńlá sì ń yá a ní èlé kékeré. Ẹni tí wọ́n dá padà yóò gba ọ̀dọ̀ ayánilówó tí èlé rẹ̀ pa ènìyàn.

Ẹ ka ìwé Nehemáyà orí karùn-ún. Àwọn ará ìlú ti fi oko, ọgbà àjàrà àti ilé wọn dógò kí wọ́n lè rí ọkà jẹ. Nehemáyà kò sọ pé kí wọ́n lọ gbàdúrà nìkan. Ó pe àwọn ọlọ́lá jọ, ó bá wọn wí lójú gbogbo ènìyàn, ó sì mú kí wọ́n dá ilé àti oko padà pẹ̀lú èlé tí wọ́n ti gbà. Iṣẹ́ tiwa náà nìyẹn. Ó yẹ ká béèrè lọ́wọ́ ìjọba pé kí ètò ìwé ilẹ̀ sún mọ́ Ọ̀wọ̀ àti Ìfọ̀n, kó dín lówó, kó sì yá. Mo ń ṣiṣẹ́ ìjọba, mo mọ bí fáìlì ṣe ń pẹ́ lórí tábìlì. Fáìlì tí ẹnikẹ́ni kò bá béèrè ló máa ń pẹ́ jù. Ó sì yẹ ká béèrè pé kí gbogbo ayánilówó kọ àpapọ̀ owó gàdàgbà sójú ewé àkọ́kọ́.

OHUN TÍ ÌDÍLÉ LÈ ṢE

1. Ẹ gba àpapọ̀ owó ní kíkọ sílẹ̀. Bí òṣìṣẹ́ báńkì kò bá fẹ́ kọ ọ́, ẹ dìde.

2. Ẹ béèrè bóyá èlé lè yí padà, àti ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ bí owó oṣù bá dá dúró fún oṣù mẹ́ta.

3. Tọkọtaya ni kó jọ ka ìwé náà. Kò dára kí ìyàwó gbọ́ pé ilé dúró fún gbèsè lọ́jọ́ tí wọ́n bá wá lẹ ìwé mọ́ ògiri.

4. Ẹ má jẹ́ kí sísan rẹ̀ kọjá ìdá kan nínú mẹ́ta owó tó ń wọlé.

5. Ẹ béèrè bóyá ẹ lè máa san lé e láìsí owó ìtanràn. Nínú àpẹẹrẹ wa kẹrin, ẹni tó bá ń fi ₦6,475 kún un lóṣooṣù láti ìbẹ̀rẹ̀ yóò parí ní ọdún 10 dípò 20.

6. Ẹni tí wọ́n ń yọ owó NHF lára rẹ̀, kó béèrè àkọsílẹ̀ rẹ̀. Ẹni tó bá fẹ̀yìn tì láìyá nínú rẹ̀ lẹ́tọ̀ọ́ láti gba owó rẹ̀ padà pẹ̀lú èlé díẹ̀.

Ọ̀rọ̀ kan kù fún àwa nínú ìjọ. Bí ẹnìkan bá jáde wá jẹ́rìí pé òun ti gba kọ́kọ́rọ́ ilé tuntun, inú wa á dùn, a ó sì bá a yọ̀. Ṣùgbọ́n bó bá jẹ́ gbèsè ogún ọdún ni, ìrìn àjò rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ni. Àdúrà àti ìmọ̀ràn ni ó nílò ju àtẹ́wọ́ lọ. Kí a má sì fi ẹ̀rí rẹ̀ ti àwọn tó kù sínú ohun tí apá wọn kò ká. Olúwa wa fúnra rẹ̀, nínú Lúùkù orí kẹrìnlá, ló ní kí ẹni tó fẹ́ kọ́ ilé ìṣọ́ kọ́kọ́ jókòó ṣírò owó rẹ̀. Jíjókòó yẹn kì í ṣe àìnígbàgbọ́. Igi gogoro má gùn mí lójú, àtòkèrè la ti ń wò ó.

Kí Olúwa fún olúkúlùkù wa ní ilé tí a ó gbé ní àlàáfíà, kí ó má sì jẹ́ kí àwọn ọmọ wa jogún gbèsè. Àmín.