'Coolth' àti Ọ̀rọ̀ Tutù: Èsì fún Àwọn tí ó Ń Ka Ọ̀rọ̀-Orúkọ Bí Ẹni Ka Owó

Ọ̀rọ̀ kan ń jà ràn-ìn láàrin àwa olùkọ́ èdè ní ilé-ẹ̀kọ́ girama, ó sì ti tó àkókò kí a fún un ní èsì. Àwọn kan ń sọ pé òtòṣì ni èdè Yorùbá ní ti ọ̀rọ̀-orúkọ. Wọ́n ní bí èrò kan bá ti kọjá ohun tí a lè fojú rí tàbí tí a lè fọwọ́ bà, àfi kí Yorùbá máa fi gbólóhùn gígùn ṣàlàyé rẹ̀, nígbà tí Gẹ̀ẹ́sì yóò ti fi ọ̀rọ̀ ẹyọ kan ṣoṣo parí rẹ̀. Ìwé atúmọ̀ èdè ni ẹ̀rí tí wọ́n ń mú wá. Wọ́n ní kí a wo atúmọ̀ èdè Gẹ̀ẹ́sì ti Oxford, tí ìtẹ̀jáde kejì rẹ̀ ní 1989 jẹ́ ìdìpọ̀ 20, kí a sì wo atúmọ̀ èdè Yorùbá ti Abraham tí ó jáde ní 1958, tí ènìyàn lè fi ọwọ́ kan gbé. Wọ́n á wá bi wá pé: èwo ni ó lọ́rọ̀ jù nínú méjèèjì?

Ìbéèrè náà kò burú. Òṣùwọ̀n tí wọ́n fi ń wọn èdè ni kò dára. Bí a bá sì fẹ́ fi hàn pé òṣùwọ̀n kan kò tọ́, inú ilé ẹni tí ó ni ín ni ó yẹ kí a ti dán an wò. Nítorí náà, ẹ jẹ́ kí a mú ọ̀rọ̀-orúkọ Gẹ̀ẹ́sì kan ṣoṣo, kí a yẹ̀ ẹ́ wò tinú-tẹ̀yìn, kí a sì wo ẹ̀kọ́ tí yóò kọ́ wa. Ọ̀rọ̀ náà ni 'coolth'.

Ọ̀rọ̀ tí ó wà nínú ìwé tí kò sí lẹ́nu

Púpọ̀ nínú ẹ̀yin tí ẹ ń ka àpilẹ̀kọ yìí lè má tíì gbọ́ ọ rí, bẹ́ẹ̀ ni púpọ̀ nínú àwọn tí ó ni Gẹ̀ẹ́sì gan-an kò tíì lò ó rí. Ẹ má ṣe rò pé àṣìkọ ni. Láti ara 'cool', tí ó túmọ̀ sí kí nǹkan tutù níwọ̀nba, ni wọ́n ti ṣẹ̀dá rẹ̀, nípa fífi àfòmọ́ ìparí '-th' kún un. Àfòmọ́ yìí kan náà ni ó sọ 'warm', kí nǹkan móoru, di 'warmth'. Òun náà ni ó sọ 'long' di 'length', tí ó sọ 'strong' di 'strength', tí ó sì sọ 'true' di 'truth'. Bí a bá tẹ̀lé òfin, kò sí ohun tí ó ṣe 'coolth'. Bí mímóoru bá ní orúkọ tí ó parí sí '-th', kí ni kò ní jẹ́ kí títutù náà ní tirẹ̀?

Ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ọmọ àná. Ó ti wà lákọsílẹ̀ láti 1547. Àwọn òǹkọ̀wé ńláńlá bí Rudyard Kipling àti J. R. R. Tolkien ti lò ó. Síbẹ̀, lẹ́yìn ọ̀rúndún mẹ́rin àti ààbọ̀ ó lé díẹ̀, àwọn atúmọ̀ èdè ṣì ń fi àmì sí i lára pé ọ̀rọ̀ tí kò wọ́pọ̀ ni, tàbí pé ọ̀rọ̀ àwàdà ni.

Ìtumọ̀ mẹ́ta ni ó ní. Èkíní ni ìtutù lásán, tí ènìyàn ń fi ẹ̀rín sọ, bí ẹni tí ó ti inú oòrùn bọ́ sí abẹ́ ìbòòji tí ó sì ń fi ọ̀rọ̀ ṣeré. Èkejì wà láàrin àwọn ayàwòrán ilé àti àwọn ẹnjiníà. Lọ́dọ̀ tiwọn, ìtutù tí a lè kó pamọ́ ni, bí ògiri tí ó nípọn ṣe ń gba ìtutù òru sára, tí ara ilé sì ń jẹ àǹfààní rẹ̀ ní ọ̀sán. Ẹ kíyè sí i pé níbí yìí ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe àwàdà mọ́. Iṣẹ́ ni ó ń ṣe, nítorí pé 'coolness', tí gbogbo ayé mọ̀, kò dún létí bí ohun tí ènìyàn lè kó jọ kí ó tọ́jú. Ẹ̀kẹta ni ti àwọn ọ̀dọ́, tí wọ́n ń fi pe ìwà ẹni tí ó mọ ìgbà lò, tí ojú ń fẹ́ láti wò.

Kí ni ó wá ṣe é tí kò fi rìn jìnnà? Ìdí rẹ̀ ni pé àfòmọ́ '-th' ti dẹ́kun ọmọ bíbí láti ọjọ́ pípẹ́. Àwọn ọmọ tí ó ti bí ń bẹ láyé, wọ́n sì lágbára, ṣùgbọ́n èyí tí a bá fi tipátipá fà jáde lára rẹ̀ lónìí kì í sábà yè. Horace Walpole dán an wò ní 1753: ó ṣẹ̀dá 'greenth' fún ewéko tútù tí ó kún àyíká; ọ̀rọ̀ náà kò ta gbòǹgbò. John Ruskin dán an wò ní 1860: ó ṣẹ̀dá 'illth' láti jẹ́ òdì 'wealth', fún ohun-ìní tí ó ń ṣe ènìyàn ní jàǹbá dípò kí ó ṣe wọ́n ní rere. Èrò rẹ̀ jinlẹ̀, àwọn ọ̀mọ̀wé sì ń rántí rẹ̀, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kò dé ọjà. Àfòmọ́ tí ó wà láàyè ni '-ness'. 'Coolness' ti jókòó sórí àpótí kí 'coolth' tó wọlé.

Ẹ̀kọ́ kìíní nìyí: òfin nìkan kò tó láti sọ ọ̀rọ̀ di alààyè, bẹ́ẹ̀ ni wíwà nínú ìwé kò tó. 'Coolth' ń bẹ nínú ìdìpọ̀ 20 yẹn, 'greenth' ń bẹ níbẹ̀, 'illth' ń bẹ níbẹ̀. Òkú àti alààyè ni a kà pọ̀. Ẹni tí ó bá ka sàréè mọ́ ilé, tí ó wá ń yangàn pé ìlú òun tóbi, ara rẹ̀ ni ó ń tàn.

Ti ilé wa ńkọ́?

Kí ẹnikẹ́ni má baà rò pé Gẹ̀ẹ́sì nìkan ni irú èyí ń ṣe, ẹ jẹ́ kí a wo àfòmọ́ ìbẹ̀rẹ̀ tiwa, 'è-' tàbí 'ẹ̀-'. Láti ara 'bẹ̀' ni a ti rí 'ẹ̀bẹ̀', láti ara 'kọ́' ni a ti rí 'ẹ̀kọ́', láti ara 'rò' ni a ti rí 'èrò', láti ara 'tàn' ni a ti rí 'ẹ̀tàn'. Ọ̀rọ̀ alágbára ni gbogbo wọn. Ṣùgbọ́n ta ni ó lè fi àfòmọ́ yìí mọ́ 'rà', kí ó pe ọjà rírà ní 'ẹ̀rà'? Ta ni yóò fi í mọ́ 'sá', kí ó pe eré sísá ní 'ẹ̀sá'? Kò sí. 'È-' ni '-th' tiwa: ó ti bí àwọn ọmọ rere, ó sì ti dẹ́kun. Nítorí náà, olùkọ́ tí ó bá kọ ọ́ sí ojú pátákó pé àfòmọ́ ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ọ̀rọ̀-ìṣe ń di ọ̀rọ̀-orúkọ, tí ó sì dákẹ́ síbẹ̀, ìdajì òtítọ́ ni ó kọ́ ọmọ. Ó yẹ kí ó fi èyí tí ó ṣì ń bímọ hàn wọ́n yàtọ̀ sí èyí tí ó ti dẹ́kun. Àwọn tí ó ṣì ń bímọ lọ́dọ̀ wa pọ̀: 'ì-' ń bẹ, 'àì-' ń bẹ, 'àti-' ń bẹ, àpètúnpè ẹlẹ́bẹ sì ń bẹ.

Ẹ wá wo 'tutù', tí í ṣe ẹnìkejì 'cool'. 'Òtútù' ni èyí tí ó ń mú ni: òtútù mú ọmọ náà ní ìdájí ọyẹ́. Orúkọ àìsàn ni pẹ̀lú, bí òtútù àyà. 'Ìtutù' ni èyí tí ènìyàn ń wá: ìtutù abẹ́ igi, ìtutù ọkàn. 'Títutù' ni orúkọ ìṣẹ̀lẹ̀ náà fúnra rẹ̀: títutù tí ẹ̀kọ náà tutù ni ó jẹ́ kí ó dì. 'Àìtutù' ni òdì rẹ̀: àìtutù omi náà ni kò jẹ́ kí a tètè mu ún. Ọ̀rọ̀ mẹ́rin, iṣẹ́ mẹ́rin. Bí ẹnìkan bá wí pé 'ìtutù ń mú mi', ọmọdé pàápàá yóò tún un ṣe fún un. Gẹ̀ẹ́sì ní 'coolth' àti 'coolness' fún ohun kan náà, ọ̀kan ń ṣiṣẹ́, èkejì fẹ́rẹ̀ẹ́ jókòó lásán. Lọ́dọ̀ tiwa, kò sí ẹni tí ó jókòó.

Ṣùgbọ́n bí ẹ bá lọ wá ọ̀rọ̀ mẹ́rin yìí nínú atúmọ̀ èdè, ẹ má retí pé gbogbo wọn ni ẹ óò bá níbẹ̀. Atúmọ̀ èdè kì í sábà to irú 'títutù' àti 'àìtutù' sílẹ̀ fún ọ̀rọ̀-ìṣe kọ̀ọ̀kan, nítorí pé òfin wọn kò ní ìyọnu. Ẹni tí ó bá gbọ́ Yorùbá yóò ṣẹ̀dá wọn lójú ẹsẹ̀. Ẹ ò rí i bí òṣùwọ̀n náà ti dorí kodò? Ọ̀rọ̀ tí kò sí lẹ́nu ẹnikẹ́ni ni a kà sí ọrọ̀ fún Gẹ̀ẹ́sì, ọ̀rọ̀ tí ó wà lẹ́nu gbogbo ènìyàn ni a kò kà fún Yorùbá rárá.

Kí ẹ sì lè mọ̀ pé ìlò ni ọba, ẹ wo òdìkejì 'tutù'. Láti ara 'gbóná', òfin fún wa ní 'ìgbóná' gẹ́gẹ́ bí ó ti fún wa ní 'ìtutù'. Ṣùgbọ́n àwọn baba wa fi 'ìgbóná' pe àrùn Ṣànpọ̀nná, tí wọn kì í fẹ́ dárúkọ gan-an. Àrùn náà ti kásẹ̀ nílẹ̀. Ní 1980 ni Àjọ Ìlera Àgbáyé kéde pé kò sí mọ́ ní gbogbo ayé. Ṣùgbọ́n òjìji rẹ̀ ṣì wà lára ọ̀rọ̀ náà. Àgbàlagbà tí ooru ń mú kò ní ṣàdédé sọ pé ìgbóná wọ ilé òun. Òfin kan ṣoṣo ni ó bí 'ìtutù' àti 'ìgbóná'. Ìlò ni ó rán ọ̀kan sí ibi àdúrà, tí ó sì rán èkejì sí ibi ẹ̀rù.

Ọmọ ọlọ́mọ ni ó ń jìyà rẹ̀

Bí ọ̀rọ̀ yìí bá jẹ́ àríyànjiyàn àwọn ọ̀mọ̀wé lásán, n kì bá tí fi gègé lé ìwé. Orí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ni ó ń já sí. Mo ti rí iṣẹ́ àròkọ tí olùkọ́ fi gègé pupa fa ìlà sábẹ́ 'àìtètèdé', tí ó kọ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ pé kò sí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. Kò sí kẹ̀? 'Àì-' ń bẹ, 'tètè' ń bẹ, 'dé' ń bẹ. Bí a bá wí pé àìtètèdé rẹ̀ ni kò jẹ́ kí ó bá wa jẹun, yóò yé ìyá arúgbó tí kò fojú kan pátákó rí. Máàkì tí a yọ lára ọmọ yẹn, ìmọ̀ èdè abínibí rẹ̀ ni a fi jẹ ẹ́ níyà.

Àṣìṣe kejì wà nínú ògbufọ̀. Olùkọ́ mìíràn yóò fi dandan lé e pé ibi tí ọ̀rọ̀-orúkọ bá wà nínú Gẹ̀ẹ́sì, ọ̀rọ̀-orúkọ ni ó gbọ́dọ̀ wà nínú Yorùbá. Ọmọ yóò wá kọ ọ́ pé, 'Ìwárí ti olè jíjà náà fa ìdàrúdàpọ̀.' Ta ni ó ń sọ̀rọ̀ báyìí? Yorùbá yóò ní, 'Nígbà tí wọ́n rí i pé olè ti jà, gbogbo nǹkan dàrú.' Kì í ṣe òṣì ni ó jẹ́ kí a fi ọ̀rọ̀-ìṣe sọ ọ́. Bẹ́ẹ̀ ni ó ṣe dùn létí wa. Nígbà tí ọ̀rọ̀-orúkọ bá sì yẹ, a kì í wá a tì: 'Àtijẹ àtimu ti di ìṣòro.'

Ẹnìkan lè bi mí pé: bí atúmọ̀ èdè kò bá ṣe adájọ́, ṣé ohunkóhun tí ọmọ bá sọ ni kí a máa gbà? Rárá o. N kò sì ní kí a kó atúmọ̀ èdè dànù. Láti ìgbà tí Ajàyí Crowther ti tẹ àkójọ ọ̀rọ̀ Yorùbá tirẹ̀ jáde ní 1843 ni irú ìwé bẹ́ẹ̀ ti ń ṣe wá lóore. Ṣùgbọ́n ẹlẹ́rìí ni atúmọ̀ èdè, kì í ṣe adájọ́. Ìbéèrè mẹ́ta ni kí a fi dán ọ̀rọ̀ wò. Èkíní: ǹjẹ́ òfin tí ó bí i ṣì ń bímọ? Ibí ni 'ẹ̀rà' ti ṣubú. Èkejì: ǹjẹ́ ọ̀rọ̀ mìíràn ti wà ní ìdí iṣẹ́ náà? Òfin 'ì-' kò kọ̀ kí a sọ 'bẹ̀' di 'ìbẹ̀', ṣùgbọ́n 'ẹ̀bẹ̀' ti jókòó síbẹ̀, gẹ́gẹ́ bí 'coolness' ti jókòó sí ipò 'coolth'. Ẹ̀kẹta: bí a bá fi í sínú gbólóhùn, ǹjẹ́ yóò yé ẹni tí ó gbọ́ Yorùbá láìsí àlàyé? 'Àìtètèdé' yege nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ tí ẹ ń múra ìdánwò, bí a bá ní kí ẹ ṣàlàyé ìṣẹ̀dá ọ̀rọ̀-orúkọ, ẹ má ṣe há àtẹ àfòmọ́ sórí kí ẹ sì dákẹ́. Ẹ dárúkọ àfòmọ́ náà, ẹ fi ọ̀rọ̀ tí ó so mọ́ hàn, ẹ sọ ìtumọ̀ tí ó mú wá, kí ẹ sì fi gbólóhùn kan gbè é lẹ́sẹ̀. Gbólóhùn yẹn ni ẹ̀rí pé ọ̀rọ̀ tí ẹ mú wá ń mí.

Ẹ̀yin olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, kí gègé pupa yín tó kan ọ̀rọ̀ ọmọ, ẹ kọ́kọ́ pe ọ̀rọ̀ náà sókè kí etí yín gbọ́ ọ. Ní ti ẹ̀yin tí ẹ ń ka ọ̀rọ̀-orúkọ bí ẹni ka owó, ẹ padà lọ tún ìdìpọ̀ 20 yẹn kà. Ẹ yọ òkú inú rẹ̀ kúrò, kí ẹ sì ka àwọn alààyè tiwa tí ẹ fò, kí ẹ tó pè wá sí ìdíje.