Láísẹ́ǹsì Tó Ti Kú

Ẹ̀yin awakọ̀ ẹgbẹ́ wa, ẹ yọ láísẹ́ǹsì yín wò kí ẹ tó gbé mọ́tò jáde lónìí.

Ọmọ ẹgbẹ́ wa kan gbá ọlọ́kadà, ẹsẹ̀ onítọ̀hún kán. Láísẹ́ǹsì awakọ̀ náà ti kú láti ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Kíá, àwọn oníńṣọ́ránsì ní àwọn kò sanwó, pé ó wà nínú ìwé àdéhùn pé ẹni tó bá wa ọkọ̀ gbọ́dọ̀ ní láísẹ́ǹsì. Ni ọ̀gá bá yíjú sí awakọ̀: “Owó oṣù rẹ la ó máa gé.” Èmi kò gbà. Ta ló fún un ní kọ́kọ́rọ́? Òfin ìnṣọ́ránsì ọkọ̀ tí wọ́n ṣe nílẹ̀ wa ní 1945, nítorí ẹni tí ọkọ̀ bá ṣe léṣe ni.

Ní Íńdíà, ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ sọ ọ́ ní 2004 pé láísẹ́ǹsì tó kú nìkan kò tó láti fi owó du ẹni tó fara pa. Oníńṣọ́ránsì gbọ́dọ̀ fi hàn pé ẹni tó ni ọkọ̀ gan-an ló ṣe àìbìkítà. Ìyẹn ló tọ́.

Kí ọ́fíìsì kọ ọjọ́ tí láísẹ́ǹsì kọ̀ọ̀kan máa kú sílẹ̀, kí wọ́n fún awakọ̀ láyè láti lọ tún un gbà láìgé owó ọjọ́ náà (ẹ mọ bí ìlà ibẹ̀ ṣe ń gùn tó). Ẹni tí tirẹ̀ bá ti kú báyìí, kó wá rí mi kó tó fọwọ́ kan kọ́kọ́rọ́.