Iye Igi Kòkó Kọ́ ni Iye Ilẹ̀

Nígbà tí àwọn baba wa bá ń ki ilẹ̀ ní ògẹ́rẹ́ afọkọ́yẹrí, kì í ṣe erùpẹ̀ lásán ni wọ́n ń kì. Lójú Yorùbá, ogún tí òkú fi síkàáwọ́ alààyè de ọmọ tí a kò tíì bí ni ilẹ̀ jẹ́. Síbẹ̀, òfin kan wà ní orílẹ̀-èdè wa tí kò ka ilẹ̀ yìí sí ohun tí ó ní iye lórí níwọ̀n ìgbà tí ó bá ṣì wà lọ́wọ́ àgbẹ̀. Òfin náà ni mo fẹ́ bá wí.

Òfin Lílo Ilẹ̀ tí ìjọba ológun gbé kalẹ̀ ní oṣù kẹta ọdún 1978 ni. Ó fi ilẹ̀ ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan síkàáwọ́ gómìnà, ó sì fún un ní agbára láti gbà á nítorí ìlò gbogbo ènìyàn. Èmi kò bá a jà lórí ìyẹn. Ojú ọ̀run kọ́ ni a óò la ọ̀nà sí. Abala 29 ni ìjà mi. Ó ní kí a san owó gbà-má-bìínú lórí ilé, lórí irè oko àti lórí iṣẹ́ tí ènìyàn ti ṣe sí ilẹ̀. Ní ti ilẹ̀ fúnra rẹ̀, kìkì ìṣákọ́lẹ̀ tí ẹni tí ó ń lò ó bá san ní ọdún tí a gbà á ni a óò san fún un. Ta ni àgbẹ̀ tí ó jogún oko bàbá rẹ̀ ń san ìṣákọ́lẹ̀ fún? Òfo ni yóò gbà nìyẹn. Wọn a ka kòkó, wọn a ka ọ̀pẹ, ìjọba a sọ iye tí ọ̀kọ̀ọ̀kan tó. Àwọn àgbà ní ẹni tí ó lẹrú ni ó lẹrù. Òfin yìí sanwó ẹrù, ó sì mú ẹrú lọ lọ́fẹ̀ẹ́!

Ẹ jẹ́ kí a wẹ̀yìn wò. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gba ilẹ̀ ní Àpápá, Olóyè Àmọ́dù Tìjání, Olúwa ti Èkó, sì pè wọ́n lẹ́jọ́. Àwọn adájọ́ ilé kò gbà pé ilẹ̀ náà jẹ́ tirẹ̀ àti ti àwọn ènìyàn rẹ̀ ní kíkún. Ní ọdún 1920, òun àti Herbert Macaulay wọkọ̀ lọ sí Lọ́ńdọ̀nù. Ní ọdún 1921, Ìgbìmọ̀ Ọba Gẹ̀ẹ́sì, ilé ẹjọ́ tí ó ga jù fún àwọn ilẹ̀ àmúsìn, dájọ́ pé bí olóhun gan-an ni kí a sanwó fún wọn. Ohun tí ọmọ Yorùbá rí gbà lọ́wọ́ adájọ́ àjèjì ni òfin tí àwa fúnra wa ṣe tún gbà lọ́wọ́ rẹ̀.

Àwọn kan yóò wí pé bí ìjọba bá ní láti san iye ilẹ̀, owó kò ní kù láti la ọ̀nà. Mo gbọ́. Ṣùgbọ́n ìjọba ń sanwó òkúta, ó ń sanwó sìmẹ́ńtì, ó ń san ti agbaṣẹ́ṣe. Èé ṣe tí ó fi jẹ́ onílẹ̀ nìkan ni yóò fi tirẹ̀ ta ìlú lọ́rẹ? Ilẹ̀ kan náà a sì di ọ̀wọ́n gógó nígbà tí a bá pín in fún olówó. Ní oṣù keje ọdún 1990, ìjọba ológun Èkó lé nǹkan bí 300,000 ènìyàn kúrò ní Màrókò. Lónìí, ilé àwọn ọlọ́rọ̀ ni ó kún apá ibẹ̀.

Èyí tí ó burú jù ni abala 47, tí ó ní kóòtù kankan kò gbọdọ̀ yẹ̀ ẹ́ wò bóyá owó tí a san tó tàbí kò tó. Agbẹ́jọ́ ẹnì kan dá, àgbà òṣìkà! Níhìn-ín, ẹni tí ó gbà náà ni ó díye lé e, òun náà ni ó dájọ́. Abala 44 ìwé òfin orílẹ̀-èdè ti ọdún 1999 ní kí a tètè sanwó, kí onílẹ̀ sì lè lọ sí kóòtù nítorí iye rẹ̀. Abala 315 ìwé kan náà sì fi odi yí òfin 1978 ká kí ó má baà rọrùn láti yí i padà. Ọwọ́ ọ̀tún ń fúnni, ọwọ́ òsì ń gbà á padà.

Ohun tí mo ń béèrè kò pọ̀: kí a san iye ilẹ̀ gan-an, kí a san án kí katapílà tó wọ oko, kí a sì ṣí ilẹ̀kùn kóòtù fún ẹni tí owó kò bá tẹ́ lọ́rùn. Bí a bá hú kòkó, a lè tún un gbìn. Ta ni ó gbin ilẹ̀ rí?