Ǹjẹ́ Alágídí ni Anne Clifford Bí?

Ní ọjọ́ tí a ń ṣe àríyànjiyàn lórí ìtàn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, àwọn kan nínú ẹgbẹ́ wa dìde, wọ́n sì wí pé obìnrin ọlọ́lá nì, Anne Clifford, kò yẹ ní ẹni tí à ń fi ṣe àpẹẹrẹ fún àwọn ọmọ ilé-ìwé, nítorí pé ó ṣe àìgbọ́ràn sí ọkọ rẹ̀, ó sì ko ọba lójú. Aago lù kí a tó lè fèsì bí ó ti tọ́. Èyí ni ó mú wa gbé kálámù, kí àwa náà lè sọ tẹnu wa.

A bí Anne ní ilé olódi Skipton, ní ìhà àríwá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ní ọjọ́ 30 oṣù January, ọdún 1590. Bàbá rẹ̀, George Clifford, Earl kẹta ti Cumberland, jẹ́ jagunjagun orí omi. Ó wà lára àwọn ọ̀gá ọkọ̀ tí ó bá àwọn ará Spéìn jà ní ọdún 1588, ó sì gba ìlú San Juan ní erékùṣù Puerto Rico lọ́wọ́ wọn ní ọdún 1598. Òkìkí rẹ̀ kàn, ṣùgbọ́n òkìkí kì í san gbèsè: ọkọ̀ ojú omi, ẹṣin àti tẹ́tẹ́ jẹ owó rẹ̀, òun àti aya rẹ̀, Margaret Russell, kò sì gbé pọ̀ mọ́. Ọmọkùnrin méjì tí wọ́n bí kú kí èyíkéyìí nínú wọn tó pé ọdún mẹ́fà. Anne nìkan ni ó kù.

Bàbá yìí kan náà ni kò jẹ́ kí a kọ́ ọmọ rẹ̀ ní èdè mìíràn bí kò ṣe Gẹ̀ẹ́sì, bẹ́ẹ̀ ni àwọn ọmọ ọlọ́lá ẹgbẹ́ rẹ̀ ń kọ́ èdè Látìnì àti Faransé. A kò lè yìn ín fún èyí. Ṣùgbọ́n akéwì Samuel Daniel ni ó ṣe olùkọ́ ọmọ náà, ìfẹ́ ìwé àti ìtàn tí ó sì gbìn sínú rẹ̀ kò kú. Nígbà tí Anne di àgbà, ó gbé òkúta ìrántí kalẹ̀ fún olùkọ́ rẹ̀ yìí nínú ṣọ́ọ̀ṣì Beckington. Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ wa tí ẹ ń ráhùn pé iṣẹ́ olùkọ́ kò lérè, ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi èyí sọ́kàn.

Ọdún 1605 ni bàbá kú, ibẹ̀ sì ni ìjà ti bẹ̀rẹ̀. Nínú ìwé ìhágún rẹ̀, ó fi gbogbo ilẹ̀ àti ilé olódi rẹ̀ fún àbúrò rẹ̀ ọkùnrin, Francis, ó sì ya 15,000 pọ́n-ùn sọ́tọ̀ fún Anne. Owó kékeré kọ́. Ṣùgbọ́n ìwé àtijọ́ kan wà, láti ìgbà ọba Edward Kejì, tí ó wí pé ọmọ bíbí inú ni kí ó máa jogún náà, ìbáà ṣe ọkùnrin, ìbáà ṣe obìnrin. Ìyá Anne ni ó mú kí a tú àwọn àpótí ìwé, tí a fi rí ẹ̀rí wọ̀nyí, òun ni ó sì kọ́kọ́ gbé ẹjọ́ náà dìde nítorí ọmọ rẹ̀.

Ní ọdún 1609 Anne fẹ́ Richard Sackville, ẹni tí ó di Earl ti Dorset. Ọkùnrin náà lẹ́wà, ó sì mọ owó ná ju bí ó ti mọ̀ ọ́n pa mọ́ lọ. Ohun tí ó ń fẹ́ kò ju kí aya rẹ̀ fọwọ́ sí ìwé, kí owó lè bọ́ sí i lọ́wọ́. Anne kọ̀. Ní oṣù May, ọdún 1616, ọkọ náà ránṣẹ́ pé kí a mú Margaret, ọmọbìnrin wọn tí kò tí ì pé ọdún méjì, kúrò lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀. Nínú oṣù kan náà ni ìyá Anne kú sí àríwá. Ẹ wo bí ẹ̀dùn méjì ti wọlé tọ ẹnì kan ṣoṣo! Síbẹ̀ kò fọwọ́ sí i.

Ní January, ọdún 1617, wọ́n mú un lọ síwájú ọba James. Ayaba ti kìlọ̀ fún un tẹ́lẹ̀ pé kí ó má ṣe fi gbogbo ọ̀rọ̀ rẹ̀ lé ọba lọ́wọ́. Ó kúnlẹ̀ níwájú ọba, ó sì wí lórí ìkúnlẹ̀ pé òun kì yóò fi Westmorland sílẹ̀ níwọ̀n ìgbà tí òun bá wà láàyè. Ní oṣù March, ọba dá ẹjọ́ náà: ilẹ̀ di ti Francis, a ó sì san 20,000 pọ́n-ùn. Ọkọ gbà. Aya kò gbà.

Àwọn ẹlẹgbẹ́ wa mú ọ̀rọ̀ Pọ́ọ̀lù sí àwọn ará Éfésù wá. A mọ̀ ọ́n, a kò sì jiyàn sí i. Ṣùgbọ́n obìnrin yìí kò kọ ọkọ rẹ̀ sílẹ̀. Ó wà pẹ̀lú rẹ̀ títí ọkùnrin náà fi kú ní ọdún 1624, ó bí ọmọkùnrin mẹ́ta fún un tí kò sí èyí tí ó yè, àti ọmọbìnrin méjì tí wọ́n dàgbà. Ohun kan ṣoṣo ni ó fi dù ú, ohun náà kì í sì í ṣe ti ọkọ, kì í tilẹ̀ ṣe ti Anne nìkan, bí kò ṣe ti àwọn ọmọ tí ń bọ̀ lẹ́yìn. Kí a má tan ara wa, agídí náà mú ìyà wá, ọmọ kékeré tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀ sì jẹ nínú rẹ̀. A kò lè ka ìtàn ọmọ náà kí ọkàn wa má bàjẹ́. Ṣùgbọ́n ta ni ó mú ọmọ lọ?

Ó tún fẹ́ Philip Herbert, Earl ti Pembroke, ní ọdún 1630. Ìgbéyàwó náà kò dùn. Nígbà tí ọmọ Francis kú ní ọdún 1643 láìní àrólé ọkùnrin, ilẹ̀ padà sọ́dọ̀ Anne lẹ́yìn ọdún 38. Àwọn kan yóò wí pé ìwé ìhágún bàbá rẹ̀ pàápàá ti ṣètò pé bẹ́ẹ̀ ni yóò rí bí ìran Francis bá tán, pé ìjà náà já sí asán. A bi wọ́n léèrè: bí ó bá ti gba owó, tí ó sì ti fọwọ́ sí i pé òun kò ní ẹ̀tọ́ níbẹ̀ mọ́, ẹnu wo ni ì bá fi bèèrè?

Ẹni ọdún 59 ni nígbà tí ó lọ sí àríwá ní ọdún 1649. Ogun abẹ́lé ti ba Skipton jẹ́, Pendragon sì ti di ahoro tipẹ́tipẹ́. Ó tún wọn kọ́, pẹ̀lú Brougham, Brough àti Appleby, àti àwọn ṣọ́ọ̀ṣì, ó sì mú kí a kọ Àìsáyà orí 58, ẹsẹ 12 sára òkúta wọn. Ó kọ́ ilé fún opó 13 ní Appleby. Obìnrin ni, síbẹ̀ òun ni Ṣẹ́rífù Westmorland, nítorí pé oyè náà wà nínú ogún rẹ̀.

Ibì kan wà tí a kò lè gbè é. Àwọn àgbẹ̀ orí ilẹ̀ rẹ̀ ní Westmorland kọ̀ láti san owó tí ó bèèrè, wọ́n ní àṣà àtijọ́ gbe àwọn, ó sì pè wọ́n lẹ́jọ́ fún ọdún púpọ̀. Ẹni tí ó ti fi ìwé àtijọ́ ja ọba níyàn ì bá ti fara balẹ̀ gbọ́ àwọn tí ń tọ́ka sí àṣà àtijọ́.

Ó kú ní Brougham ní ọjọ́ 22 oṣù March, ọdún 1676, ní ẹni ọdún 86. Bíṣọ́ọ̀bù Edward Rainbow wàásù níbi ìsìnkú rẹ̀ lórí Òwe orí 14, ẹsẹ 1, èyí tí ó sọ nípa ọlọ́gbọ́n obìnrin àti ilé rẹ̀. A sin ín sí ṣọ́ọ̀ṣì Appleby, níbi tí ìyá rẹ̀ sùn sí.

Ní ẹ̀bá ọ̀nà nítòsí Brougham, òpó òkúta kan wà tí Anne gbé ró ní ọdún 1656, ní ibi tí òun àti ìyá rẹ̀ gbé dágbére fún ara wọn kẹ́yìn ní ọjọ́ 2 oṣù April, ọdún 1616. Ó fi pọ́n-ùn mẹ́rin sílẹ̀ kí a máa pín in fún àwọn tálákà ìjọ Brougham ní ọjọ́ náà lọ́dọọdún, lórí òkúta pẹrẹsẹ tí ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ òpó náà. Títí di òní ni a ń pín in.