Ká Tó Sin Àwọn Tó Mọ Ìtàn Ogun

Ní Festac Town tí mò ń gbé, nọ́ńbà ni wọ́n fi ń pe ọ̀pọ̀ òpópónà wa. Ní òpópónà tiwa, bàbá méjì ń gbé nítòsí ara wọn. Ọ̀kan jagun fún ìjọba àpapọ̀ nínú ogun abẹ́lé 1967 sí 1970. Èkejì, ọmọ Ígbò, jà fún Biafra. Wọ́n jọ máa ń ta dráfù nírọ̀lẹ́. Mo ní tí mo bá parí ìdánwò, màá gba ohùn wọn sílẹ̀. Kí n tó parí, bàbá ọmọ Ígbò ti ṣaláìsí.

Ọ̀rọ̀ náà mú mi rántí Àlùfáà Samuel Johnson. Gbogbo wa là ń tọ́ka sí The History of the Yorubas, ṣùgbọ́n ta ló ń béèrè bí ẹni tó kọ ọ́ ṣe mọ ohun tó mọ̀? Sàró ni wọ́n ti bí i ní 1846. Ní 1857, òun àtàwọn òbí rẹ̀ bá David Hinderer, ajíhìnrere ọmọ Jámánì, wá sí Ìbàdàn. Nígbà tí ogun Kírìjì ń lọ lọ́wọ́, òun àti Charles Phillips ni gómìnà Èkó rán níṣẹ́ àlàáfíà ní 1886. Ó wọ àgọ́ Ìbàdàn, ó wọ àgọ́ Èkìtìparapọ̀.

Ó parí ìwé rẹ̀ ní 1897, ó kú ní 1901. Èyí tó fi ránṣẹ́ sí Ìlú Ọba di àwátì. Àbúrò rẹ̀, Dókítà Obadiah Johnson, ló tún un kọ látinú àkọsílẹ̀ tó kù. Ní 1916, ọkọ̀ ojú omi Appam tó ń gbé e lọ bọ́ sọ́wọ́ ọkọ̀ ogun Jámánì, wọ́n sì darí rẹ̀ sí Amẹ́ríkà. Ìwé náà kò jáde títí di 1921.

Àwọn kan á ní Johnson gbè sẹ́yìn Ọ̀yọ́. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ìwé la fi ń dá ìwé lóhùn. Ọ̀jọ̀gbọ́n S. A. Akíntóyè gbé tiẹ̀ jáde lórí Èkìtìparapọ̀ àti Ìbàdàn ní 1971, a sì rí apá kejì.

Èrò tèmi ni pé kí ẹ̀ka wa sọ ọ́ di dandan: kí akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ọ̀kan gba ohùn àgbà méjì sílẹ̀ kó tó gboyè, ọ̀kan láti ìhà kọ̀ọ̀kan. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti jáde, ẹ bá wa tọ́jú ẹ̀dà rẹ̀ sí ibi púpọ̀. Ìwé Johnson ti kọ́ wa pé ẹ̀dà kan ṣoṣo kò tó. Fóònù wà lọ́wọ́ gbogbo wa, àwáwí ò sí.

Lọ́jọ́ Sátidé tó kọjá, mo lọ kan ilẹ̀kùn bàbá tó kù. Ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n ní kí n kọ sílẹ̀ ni orúkọ ọ̀rẹ́ wọn.