Orin Àlejò Nínú Igbó Taï

Inú igbó Taï, ní gúúsù ìwọ̀-oòrùn Côte d'Ivoire, ni wọ́n ti ya ìtàn ọmọ ìnàkí inú sinimá Chimpanzee, tí Disneynature gbé jáde ní 2012. Nicholas Hooper, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni ó ṣe orin sí i. Kí ni àwọn olórin Abidjan ṣe tí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ fi ń fò wọ́n dá?

Àwọn kan a máa wí pé orin kò ní ìlú. Irọ́ ni. Orin inú sinimá kì í ṣe ọ̀ṣọ́ lásán. Òun ni ó ń sọ ẹni tí olùwòran yóò káàánú àti ẹni tí yóò kórìíra. Ìnàkí tí ń wá oúnjẹ kiri, bí wọ́n bá fi orin ẹ̀rù tẹ̀ lé e, ọ̀daràn ni lójú ọmọdé. Ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ kò wí bẹ́ẹ̀. Orin ni ó wí i. Àwọn Ebrié, onílẹ̀ Abidjan, mọ̀ pé ìlù a máa sọ̀rọ̀: Djidji Ayôkwé wọn a máa kìlọ̀ ewu fún ìlú, títí àwọn Faransé fi gbà á lọ ní 1916.

Àwọn ìnàkí Taï pàápàá ń lùlù! Wọ́n a máa fi ọwọ́ àti ẹsẹ̀ gbá gbòǹgbò ńlá igi, ìró rẹ̀ a sì dún jìnnà. Christophe Boesch kọ nípa rẹ̀ ní 1991. Kí ẹni tí yóò bá tún gbé ẹ̀rọ àwòrán wọ Taï kọ́kọ́ yà sí Cocody, níbi tí INSAAC ti ń kọ́ni ní orin, kí ó san owó orin níbẹ̀. Bí ìnàkí bá sì ń lùlù, kí ó pa gòjé rẹ̀ lẹ́nu mọ́.