Ìwé awakọ̀ tó kú kò pa ẹ̀tọ́ ẹni tí ọkọ̀ gbá

Bí ọkọ̀ bá gbá ìyá kan tó ń ti ọjà Ìsàbà bọ̀, tí a sì rí i pé ìwé àṣẹ ìwakọ̀ awakọ̀ náà ti kọjá àkókò, kíá ni wọn yóò ti máa sọ fún àwọn ẹbí pé asiráńsì kò ní san nǹkan kan. Irọ́ ni.

Òótọ́ ni pé òfin CIMA, tí Bẹ̀nẹ̀ àti àwọn orílẹ̀-èdè ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fọwọ́ sí àdéhùn rẹ̀ ní Yaoundé ní 1992, kò dáàbò bo awakọ̀ tí ìwé rẹ̀ kò péye. Ṣùgbọ́n àárín òun àti asiráńsì rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ yẹn mọ. Iléeṣẹ́ náà kò gbọdọ̀ fi í lé ẹni tí ọkọ̀ gbá sẹ́yìn. Yóò kọ́kọ́ sanwó fún un, kí ó tó yíjú sí awakọ̀ láti gba owó rẹ̀ padà, bí ó tilẹ̀ gba pé kí ẹni náà ta ilẹ̀ bàbá rẹ̀. Ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Ta ló ń yẹ ìwé awakọ̀ wò kí ó tó sọdá títì?

Láàárín oṣù 12 sí ọjọ́ ìjàǹbá ni iléeṣẹ́ náà gbọ́dọ̀ sọ iye tí yóò san fún ẹni tó fara pa. Nítorí náà, kí ẹbí tó gba owó ẹ̀bẹ̀ lọ́wọ́ awakọ̀, kí wọ́n kọ orúkọ asiráńsì tó wà lára gíláàsì ọkọ̀ rẹ̀ sílẹ̀.